Ẹ̀kọ́ tí mo kọ́ lórí ìtàn ìlú Tomsk: sí ẹ̀yin àbúrò mi tó ń kọ iṣẹ́ àpilẹ̀kọ

Láti ìgbà tí wọ́n ti ń gbé iṣẹ́ àwọn àbúrò tó ń bọ̀ lẹ́yìn fún mi kí n bá wọn yẹ̀ ẹ́ wò, gbólóhùn kan wà tí mo máa ń bá pàdé ní orí kìíní: pé ojú irin Sìbéríà ìbá gba ìlú Tomsk ní ilẹ̀ Rọ́ṣíà kọjá, àmọ́ àwọn oníṣòwò ìlú náà ni wọ́n ní àwọn ò fẹ́. Bí mo bá ti rí i báyìí, ara mi á bù máṣọ. Gbólóhùn yẹn ló gba ọdún kan gbáko lọ́wọ́ mi. Ará iwájú tó jìn sí kòtò, ó kọ́ ará ẹ̀yìn lọ́gbọ́n, ìdí nìyẹn tí mo fi kọ èyí sí yín kí ó má baà tún ṣẹlẹ̀ sí ẹnikẹ́ni nínú yín.

Ti aṣọ òtútù, ti podfak (ẹ̀kọ́ ìmúrasílẹ̀ tí a fi ń kọ́ èdè Rọ́ṣíà), ti bí wọ́n ṣe ń forúkọ ẹni sílẹ̀ ní họ́sítẹ́ẹ̀lì, ẹ ti mọ gbogbo ìyẹn. Ọ̀rọ̀ ìwádìí nìkan ni mo bá wá.

Èkíní, ẹ mọ ilẹ̀ kí ẹ tó gbẹ́nu lé ìtàn. Apá ọ̀tún odò Tom ni wọ́n tẹ Tomsk dó sí, lórí àwọn òkè tó wà létí omi. Odò yìí ń bọ̀ láti gúúsù, ó gba ẹkùn Kemerovo kọjá, ó sì ń ṣàn lọ sí àríwá títí ó fi wọnú odò ńlá Ob, níbi tí kò fi bẹ́ẹ̀ jìnnà sí ìlú. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn, nítorí òun ló fa ohun tí ẹ máa rí nínú oṣù kẹrin. Apá gúúsù ló máa ń kọ́kọ́ móoru. Yìnyín ibẹ̀ á fọ́, omi á máa gbé e bọ̀, nígbà tí yìnyín tó wà nísàlẹ̀ odò lápá àríwá ṣì le gbagidi. Wọ́n á pàdé, wọ́n á há mọ́ra, omi á padà sẹ́yìn, á sì ya wọ àwọn àdúgbò tó wà ní pẹ̀tẹ́lẹ̀. Ìdí nìyẹn tí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba fi máa ń fi ẹ̀rọ rẹ́ yìnyín, tí wọ́n tún ń fi ohun abúgbàù fọ́ ọ kí àkókò náà tó dé. Ẹ lọ dúró ní Lagerny Sad, ọgbà ìgbafẹ́ tó wà lórí òkè létí odò Tom, lọ́jọ́ tí yìnyín bá ń kọjá. Ẹ máa gbọ́ ọ kí ẹ tó rí i: á máa ké bí igi ńlá tó fẹ́ wó, lẹ́yìn náà ni àwọn ègé tó fẹ̀ ju yàrá yín lọ á máa gun orí ara wọn, eruku òjò dídì á máa bọ́ lára wọn, etí wọn á rí àwọ̀ ewé díẹ̀ níbi tó ti kán. Ẹni tó bá ti fojú ara rẹ̀ rí ìyẹn mọ ohun tí afárá tí wọ́n kọ́ sórí odò Sìbéríà ń dojú kọ lọ́dọọdún. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má gbàgbé afárá. A ṣì ń bọ̀ lórí rẹ̀.

Èkejì, ọ̀rọ̀ ààlà. Lọ́dún 1604 ni Toyan, olórí àwọn Tatar tí wọ́n ń pè ní Eushta, lọ bá ọba Boris Godunov ní Moscow pé kí ó wá kọ́ odi agbára sórí ilẹ̀ òun kí òun lè rí ààbò. Wọ́n kọ́ ọ lọ́dún yẹn náà, lórí òkè tí wọ́n ń pè ní Voskresenskaya. Ó di ọdún 1804 kí Tomsk tó di olú ìlú gubernia (ìpínlẹ̀ ìgbà ayé ọba) tirẹ̀, ilẹ̀ gubernia náà sì gbòòrò kọjá ohun tí ẹ lè máa rò: Barnaul wà nínú rẹ̀, Biysk wà nínú rẹ̀, Kuznetsk wà nínú rẹ̀. Ọjọ́ 13 oṣù kẹjọ ọdún 1944 ni wọ́n tó yọ oblast (ẹkùn) Tomsk tòní kúrò lára ti Novosibirsk. Àbúrò wa kan mú iye ènìyàn inú ìkànìyàn ọdún 1897, tó sún mọ́ mílíọ̀nù 2, ó gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ti òní tó lé díẹ̀ ní mílíọ̀nù 1, ó wá kọ ọ́ pé ìdajì àwọn ará Tomsk ti ṣí lọ. Kò sẹ́ni tó ṣí lọ tó bẹ́ẹ̀. Ilẹ̀ tí wọ́n kà nígbà yẹn kọ́ ni wọ́n ń kà báyìí. Ìlú Tomsk fúnra rẹ̀ ti kúrò ní 52,000 tó jẹ́ lọ́dún 1897, ó ti lé ní ìdajì mílíọ̀nù. Ẹ sì yọ Seversk kúrò nínú àwọn ibi tí ẹ fẹ́ lọ ṣèwádìí. Ìlú tí wọ́n tì ni, ilé iṣẹ́ ohun ìjà átọ́míìkì ló sọ ọ́ dìlú, Tomsk-7 ni wọ́n ń pè é tẹ́lẹ̀. Ẹni tí kò níwèé àṣẹ kò gbọdọ̀ wọbẹ̀, ti ọmọ ilẹ̀ òkèèrè sì tún wá le jù.

Ẹ̀kẹta ni èyí tó mú mi jókòó, n ò sì ní yára kọjá lórí rẹ̀.

Kí ojú irin tó dé, Tomsk ni oríta Sìbéríà. Ẹni tó bá ń bọ̀ láti ìwọ̀ oòrùn á wọ ọkọ̀ ojú omi ní Tyumen, á gba odò kan bọ́ sí òmíràn títí á fi dé Tomsk, ibẹ̀ ni á ti wọ kẹ̀kẹ́ ẹṣin gba ọ̀nà ńlá tí wọ́n ń pè ní ọ̀nà Moscow lọ sí Irkutsk ní ìlà oòrùn. Àwọn awakẹ̀kẹ́ ẹṣin ń jẹ níbẹ̀, àwọn onílé èrò ń jẹ, àwọn tó nílé ìkẹ́rùsí ń jẹ. Nígbà tí ìjọba Rọ́ṣíà wá ń la ojú irin gba Sìbéríà láàárín ọdún 1890 sí 1900, gúúsù ìlú náà ló gbà kọjá. Ẹ̀ka ojú irin kan ṣoṣo tó tó 80 kìlómítà ni wọ́n fà láti ibùdókọ̀ Taiga wọ Tomsk, lọ́dún 1896. Lórí ìkángun ojú irin báyìí ni ìlú tó jẹ́ oríta tẹ́lẹ̀ bá ara rẹ̀.

Ìtàn tí gbogbo èèyàn ń sọ lórí èyí dùn létí. Àwọn kan ní àwọn ẹnjiníà ló béèrè rìbá lọ́wọ́ àwọn oníṣòwò, àwọn yẹn ò fún wọn. Àwọn mìíràn ní àwọn oníṣòwò ń bẹ̀rù pé ọkọ̀ ojú irin á gba iṣẹ́ lọ́wọ́ àwọn awakẹ̀kẹ́ ẹṣin wọn. Awakọ̀ marshrutka (bọ́ọ̀sì kékeré akérò) á sọ ọ́ fún yín, ẹni tó ń mú àlejò káàkiri ìlú á sọ ọ́.

Ọ̀gá tó ń darí iṣẹ́ mi nígbà náà ló sọ ọ́ fún èmi. N kì í dárúkọ rẹ̀, n ò sì ní dárúkọ ilé ìwé náà. Ó sọ ọ́ fún mi bí ẹni sọ ohun tó dájú bí ilẹ̀ tó mọ́, mo kọ ọ́, ó kà á, ó fi gègé kọ ọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ pé ó dára. Mo wá gbé odindi orí kejì lé e: pé ojúkòkòrò àwọn oníṣòwò Tomsk ló jẹ́ kí Novosibirsk, tí kò tíì sí lórí ilẹ̀ nígbà náà, wá borí rẹ̀. Mo fún orí yẹn ní gbogbo agbára mi. Èdè Rọ́ṣíà tí mo fi kọ ọ́, mo kọ ọ́ títí kò fi sí àṣìṣe nínú rẹ̀.

Lọ́jọ́ tí wọ́n fẹ́ gbọ́ mi kí n tó lọ síwájú ìgbìmọ̀ ńlá, màmá àgbàlagbà kan láti ẹ̀ka mìíràn ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó fi dígí ojú rẹ̀ sọ́wọ́, ó ní, “Àwọn oníṣòwò kọ̀. Ó dáa. Ìwé tí wọ́n fi kọ̀ ọ́ dà? Ọjọ́ wo ni wọ́n kọ ọ́, ta ni wọ́n kọ ọ́ sí?” Mo dárúkọ ìwé tí mo ti kà á. Ó ní ìwé yẹn náà, kí ni ó tọ́ka sí? Kò tọ́ka sí nǹkan kan. Mo yíjú sí ọ̀gá mi. Tábìlì ni ó ń wò. Nígbà tí alága wá bi í léèrè, ó ní akẹ́kọ̀ọ́ ló ni iṣẹ́ rẹ̀, òun ló yẹ kó mọ ibi tó ti rí ọ̀rọ̀ tó kọ.

Òótọ́ ni, akẹ́kọ̀ọ́ ló ni iṣẹ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ “ó dára” sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀rọ̀ kan, ó yẹ kó lè la ẹnu rẹ̀ níwájú àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Títí di òní, ìyẹn dùn mí ju iṣẹ́ tí wọ́n dá padà lọ.

Wọ́n dá a padà. Àsìkò ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ tí mo ń jẹ sì ti ń parí lọ, ìjọba kì í fi ọdún kún un nítorí pé orí kejì ẹnì kan wó. Ìyá mi ló lọ yáwó lọ́wọ́ ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ àwọn ọlọ́jà kí n lè dúró parí rẹ̀. Màmá ò mọ Tomsk, kò mọ ojú irin wo la ń wí, ó kàn ń dá owó náà padà lóṣooṣù.

Mo wá wọ ilé ìkówèépamọ́ ìjọba lọ, níbi tó yẹ kí n ti bẹ̀rẹ̀. Ohun tó wà níbẹ̀ ni òdìkejì gbogbo ohun tí mo kọ. Ìgbìmọ̀ ìlú Tomsk bẹ ìjọba pé kí ojú irin gba ọ̀dọ̀ àwọn. Àwọn oníṣòwò tí à ń bú wà lára àwọn tó ń bẹ̀bẹ̀. Wọn ò dá wọn lóhùn bí wọ́n ṣe fẹ́, nítorí pé Tomsk kọ́ ni wọ́n ti ń pinnu. Saint Petersburg ni, lọ́dọ̀ ìgbìmọ̀ ojú irin Sìbéríà tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ìparí ọdún 1892, tí àrẹ̀mọ ọba, Nicholas, jẹ́ alága rẹ̀. Ohun tí àwọn yẹn ń wò ni gígùn ọ̀nà àti owó. Tí wọ́n bá yà sí Tomsk, ọ̀nà á gùn sí i, á sì wọ inú igbó àti irà. Odò Ob sì tún wà níbẹ̀. Bí odò yẹn bá ṣe ń lọ sí àríwá ló ń fẹ̀ sí i, tí omi rẹ̀ ń tàn ká pẹ̀tẹ́lẹ̀ nígbà ẹ̀kún omi. Lẹ́bàá abúlé Krivoshchekovo, bèbè rẹ̀ dúró, ilẹ̀ abẹ́ omi jẹ́ òkúta, odò sì há díẹ̀. Ibẹ̀ ni àwọn ẹnjiníà tí Garin-Mikhailovsky darí yàn. Lọ́dún 1893 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ afárá níbẹ̀, ọkọ̀ gba orí rẹ̀ lọ́dún 1897. Àgọ́ àwọn tó ń kọ́ afárá náà ló di Novonikolaevsk, òun ni olú ìlú gbogbo agbègbè náà bọ́ sí lọ́wọ́ lọ́dún 1925, wọ́n sì sọ ọ́ ní Novosibirsk lọ́dún 1926.

Ṣé ẹ wá rí i pé odò ni? Ẹni tó bá ti mọ bí yìnyín ṣe ń ṣe nínú oṣù kẹrin kò ní nílò ìtàn olójúkòkòrò kankan. Mo ti rí yìnyín yẹn lọ́dọọdún, mo sì ti mọ̀ ọ́n ṣàlàyé, àmọ́ kò sẹ́ni tó sọ fún mi pé kí n gbé e wọ inú orí kejì.

Ohun tó jẹ́ kí irọ́ náà lágbára ni pé òótọ́ díẹ̀ wà nínú rẹ̀. Àwọn awakẹ̀kẹ́ ẹṣin pàdánù lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tó máa pàdánù yàtọ̀ sí ẹni tó ní àṣẹ lọ́wọ́, ibẹ̀ gan-an ni orí kejì mi ti ya. Ẹ tún wò ó: irú ìtàn yìí kan náà ni wọ́n ń sọ nípa ọ̀pọ̀ ìlú tí ojú irin fò dá. Tí ìtàn kan bá bá ìlú mẹ́wàá mu láìyí nǹkan kan padà yàtọ̀ sí orúkọ ìlú, ẹ fura sí i.

Inú tún máa ń bí mi fún àwọn ará ìlú náà. Àwọn èèyàn wọ̀nyí jà kí ọ̀nà gba ilé wọn, wọn ò rí i gbà, ó wá kù díẹ̀ kí gbogbo ayé máa pè wọ́n ní òpè tó ta ire nù. Àwọn náà ni wọ́n dá owó sí yunifásítì, èyí àkọ́kọ́ ní gbogbo Sìbéríà, tó ṣílẹ̀kùn lọ́dún 1888, tí ilé ẹ̀kọ́ ìmọ̀ ẹ̀rọ sì tẹ̀ lé e lọ́dún 1900. Ẹ̀kọ́ ló gbé ìlú náà dúró nígbà tí òwò ṣí lọ. Ẹ̀yin gan-an, ẹ̀kọ́ ló gbé yín dé ibẹ̀. Ẹ má fi ìwé tí ẹ kọ lábẹ́ òrùlé wọn bú àwọn baba ńlá wọn láìníẹ̀rí.

Tí ẹ bá ti dé ilé ìkówèépamọ́, ẹ kọ nọ́ńbà fond (àkójọ ìwé), opis (ìwé àkọsílẹ̀ ohun tó wà nínú rẹ̀), delo (fáìlì) àti ojú ewé sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀, kí ẹ tó kọ ohun tí ẹ kà. Ìwé tó ṣáájú ọdún 1918 ní àwọn lẹ́tà tí wọn ò lò mọ́, ẹ fi ọ̀sẹ̀ kan kọ́ wọn kí ẹ tó lọ. Kàlẹ́ńdà ìgbà náà fi ọjọ́ 12 wà lẹ́yìn tiwa ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, ó di ọjọ́ 13 láti oṣù kẹta ọdún 1900, versta kan, tí wọ́n fi ń wọn ọ̀nà nígbà náà, sì lé díẹ̀ ní kìlómítà kan. Ìwé ọwọ́ àwọn akọ̀wé ìlú le kà, ẹ má tijú láti ní kí àwọn màmá tó ń ṣọ́ yàrá ìkàwé kà á fún yín. Wọ́n mọ̀ ọ́n kà ju àwọn olùkọ́ wa mìíràn lọ, inú wọn sì máa ń dùn sí i.

Ẹ̀yin tí iṣẹ́ yín ṣì wà lọ́wọ́ mi, mo ti fa ilà pupa sábẹ́ gbólóhùn náà. Ẹ yọ ọ́, ẹ fi odò Ob àti Krivoshchekovo sí ipò rẹ̀, kí ẹ sì dá a padà fún mi kí ọ̀gá yín tó fọwọ́ sí i.