Ọmọ Inú Fíìmù Tó Di Ẹnjiníà

Tí ẹnìkan bá ti dá mi mọ̀ lóde àríyá ní agbègbè Seattle yìí, mo ti mọ ohun tó kàn. "Bọ̀dá, kí ló dé tẹ́ ẹ fi iṣẹ́ tíátà sílẹ̀?" Wọ́n á máa wò mí bí ẹni ń kí ẹni tó ṣòfò. Òótọ́ ni pé mo kópa ọmọdé nínú fíìmù àgbéléwò n'Íbàdàn. Lónìí, ẹnjiníà ni mí, afárá ni mò ń yẹ̀ wò. Mi ò pàdánù ohunkóhun.

Ẹni tó bá dàgbà nílé tí fídíò wà láyé kásẹ́ẹ̀tì á rántí fíìmù olórin The Sound of Music. Kurt, ọmọkùnrin tó ń bá Maria, olùtọ́jú wọn, jó lágbàálá kí bàbá rẹ̀ tó wá gba ijó náà lọ́wọ́ rẹ̀, Duane Chase ló ṣe é. Lọ́dún 1964 tí wọ́n ń ya fíìmù náà ní Salzburg àti Los Angeles, ọmọ ọdún 13 ni, àmọ́ ọmọ ọdún 11 ni Kurt. Fíìmù náà jáde ní 1965, ó sì gba Oscar 5, títí kan ti fíìmù tó dára jù lọ. Ẹni tí òkìkí bá irú ìyẹn lọ́mọdé, ta ló máa rò pé ó máa lọ kàwé nípa òkúta? Ohun tó ṣe gan-an nìyẹn. Ó ka jíọ́lọ́jì ní Yunifásítì California ní Santa Barbara, ó gba másítà ní Alabama, ó sì wá di ẹnjiníà sọ́fítíwià, tó ń kọ ètò kọ̀ǹpútà fún àwọn onímọ̀ nípa ilẹ̀. Seattle níbí ló fìdí kalẹ̀ sí. Nígbà tí Oprah kó Julie Andrews tó ṣe Maria, Christopher Plummer tó ṣe bàbá àwọn ọmọ náà, àti àwọn ọmọ méjèèje jọ lórí ètò tẹlifíṣọ̀n rẹ̀ ní 2010, òun náà wà níbẹ̀. Ó wù mí púpọ̀ pé ó lè ṣe méjèèjì láì sá fún èyíkéyìí.

Tiwa kò rí bíi ti Hollywood. Kò sí ìwé tí wọ́n á fún ẹ kó o há sórí. Olùdarí á pè ẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, á sọ ìtàn ibẹ̀ fún ẹ, á sọ ẹni tí o fẹ́ bá sọ̀rọ̀ àti ohun tí o fẹ́ gbà lọ́wọ́ rẹ̀, ó parí. Ohunkóhun tí àgbà òṣèré bá sọ, ibẹ̀ ni wàá ti gbà á. Bí etí rẹ kò bá sí lọ́dọ̀ rẹ̀, o ti bà á jẹ́ nìyẹn, wọ́n á tún un yà, jẹnẹrétọ̀ á sì máa mu epo lọ. Owó mọ́tò àti ìrẹsì la sábà máa ń gbà.

Etí yẹn ni mo ṣì ń lò. Tí mo bá dé abẹ́ afárá, hámà ni mo kọ́kọ́ ń mú. Mo máa ń fi kan kọnkéré náà díẹ̀díẹ̀. Níbi tó ti le, ó máa ń dún ko, ko, ko. Níbi tí irin inú rẹ̀ ti dípẹtà, ìpẹtà náà á wú, á ti kọnkéré kúrò lára irin, ohùn á sì yí padà sí bòm, bòm, bí ojú kò tilẹ̀ tíì rí ìlà kankan níta. Mo máa fi ṣọ́ọ̀kì yí i ká, mo sì máa kọ ọ́ sílẹ̀. Lọ́dún 1967, afárá Silver Bridge tó sọdá odò Ohio já lulẹ̀, ènìyàn 46 ló kú. Látìgbà náà ni òfin ti dé pé kí wọ́n máa yẹ afárá wò káàkiri Amẹ́ríkà. Fún ọ̀pọ̀ nínú wọn, ọdún méjì-méjì ni.

Kí n tó débẹ̀, wọ́n kọ́kọ́ gbé ìwé ẹ̀rí tí mo gbà nílé yẹ̀ wò, mo ṣe ìdánwò FE, ìyẹn ìdánwò àkọ́kọ́ fún ẹnjiníà, mo ṣiṣẹ́ fún ọdún mélòó kan lábẹ́ ẹnjiníà tó ti gbàwé àṣẹ, kí n tó ṣe ti PE, ìdánwò ìwé àṣẹ gan-an. Láàárín ìgbà yẹn, iṣẹ́ alẹ́ ní ilé àwọn arúgbó ló ń san owó ilé.

Ohun tó ń dùn mí ni àwọn òbí Yorùbá níbí tó máa ń sọ fún ọmọ tó fẹ́ràn eré pé, "Ṣé ìyẹn ló máa bọ́ ẹ?" Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí wọ́n ṣe é. Ọmọ tó ṣeré dáadáa ti mọ bí wọ́n ṣe ń dúró dìgbà tó bá kàn án, àti bí wọ́n ṣe ń dìde níwájú àwọn àgbà sọ̀rọ̀ láì gbọ̀n. Èmi náà ń ṣe ìyẹn nígbàkígbà tí mo bá ní láti ṣàlàyé fún ìgbìmọ̀ ìlú pé afárá kan kò lè gba ọkọ̀ akẹ́rù mọ́.

Ọmọbìnrin mi ti wọ ẹgbẹ́ eré ilé ìwé rẹ̀ báyìí, ó sì fẹ́ràn ìṣirò. Èmi ni mò ń bá a ka apá tirẹ̀ lálẹ́. Ó máa ń kánjú fèsì, ni mo ṣe ń sọ fún un pé kó jẹ́ kí ẹnìkejì sọ̀rọ̀ tán ná.