Fún un lọ́mú: ẹ̀kọ́ tí mo kọ́ nípa ọ̀rọ̀ tó ń dúró lọ́kàn

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ń kọ ìtàn, ẹ kú iṣẹ́ o. Okun o, bí àwa ará Ìyàrà ní Kogi ṣe ń kí ara wa.

Ọ̀pọ̀ nínú yín ló ń gbé iṣẹ́ yín wá fún mi láti wò, ìtàn kan náà ni mo sì máa ń bá pàdé. Ìlú kan wà tí àwọn aláṣẹ rẹ̀ ń ni ènìyàn lára, ọmọ ọdún 16 kan dìde, ó gun orí àpáta, ó sọ̀rọ̀ ojú ewé mẹ́ta, gbogbo ìlú pariwo. Mo mọ bí ó ṣe ń rí lára yín bí ẹ bá ń kọ ọ́, torí ibẹ̀ lèmi náà ti bẹ̀rẹ̀.

Ìlú tí ìjọba ti ti ẹ̀rọ omi pa ni mo fi ṣe ìtàn mi àkọ́kọ́. Ẹni tó bá sọ̀rọ̀ tí kò tẹ́ aláṣẹ lọ́rùn, omi ilé rẹ̀ gbẹ nìyẹn. Oṣù mẹ́ta gbáko ni mo fi kọ ọ̀rọ̀ tí ọmọbìnrin inú rẹ̀ sọ níwájú àwọn ọmọ ogun. Òwe lórí òwe. Mo fẹ́ kí àwọn ọmọ iléèwé há a sórí.

Mo kà á fún ìyá ìyá mi ní Ìyàrà ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan. Wọ́n jókòó lórí àpótí, wọ́n ń bẹ iṣu. Ọ̀bẹ wọn ti jẹ títí ó fi rí bí ewé, èèpo iṣu ń já bọ́ sínú abọ́ lẹ́sẹ̀ wọn. Mo dé ibi ọ̀rọ̀ ńlá yẹn, mo gbé ohùn sókè, ọwọ́ wọn kò dúró. Mo kà á tán, mo ń retí. Wọ́n ju ègé iṣu sínú omi, wọ́n ní: “Àbúrò ọmọ yẹn ńkọ́? Èyí tó ń lá ìdí ìkòkò. Ṣé ó padà rí omi mu?”

Gbólóhùn kan péré ni mo fi mẹ́nu kan àbúrò yẹn. Mo ti gbàgbé pé mo kọ ọ́.

Lẹ́yìn ìyẹn ni mo padà sídìí The Hunger Games, ìwé Suzanne Collins tó jáde ní 2008. Mo kà á bí káfíńtà ṣe ń dojú àga ẹlòmíràn délẹ̀ kó lè rí bí wọ́n ṣe kan ẹsẹ̀ rẹ̀. Ẹ mọ ìtàn náà: àgbègbè 12 ló wà lábẹ́ olú-ìlú orílẹ̀-èdè kan tó ń jẹ́ Panem, lọ́dọọdún àgbègbè kọ̀ọ̀kan á fa ọmọkùnrin kan àti ọmọbìnrin kan kalẹ̀, láti ọmọ ọdún 12 sí 18, kí wọ́n lọ máa pa ara wọn níwájú tẹlifíṣọ̀n. Nínú ọmọ 24, ẹyọ kan ló ń padà sílé.

Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ràn jù níbẹ̀, òkú ló sọ ọ́. Bàbá Katniss, ọmọbìnrin tí ìtàn náà dá lé, ń ṣiṣẹ́ nínú kòtò èédú, ibẹ̀ ló sì kú sí kí ìtàn tó bẹ̀rẹ̀. Orúkọ ewéko kan tó ń hù nínú omi ni ọmọ náà ń jẹ́, ewéko tí ìdí rẹ̀ ṣeé sè jẹ bí ọ̀dùnkún. Bàbá yìí máa ń bá ọmọ rẹ̀ ṣeré pé bó bá ṣáà ti lè rí ara rẹ̀, ebi kò ní pa á. Mo fẹ́ yí i sí Yorùbá fún àwọn ọmọ kíláàsì mi, ó sì fún mi ní wàhálà gan-an, torí àwa kì í fi orúkọ ohun tí a ń wà nílẹ̀ sọ ọmọ. Ẹ̀fẹ̀ ilé lásán ni bàbá ń ṣe. Ṣùgbọ́n nígbà tí bàbá ti lọ, tí ebi ti fẹ́ pa ilé rẹ̀ run, tí ọmọ náà wá wọ inú omi lọ wa ìdí ewéko yẹn, ẹ padà ka ọ̀rọ̀ kan náà, kí ẹ wo bí yóò ṣe rí lára yín.

Èyí tó wá là mí lójú pátápátá wà nínú ìwé kẹta, Mockingjay, ti 2010. Àwọn ọlọ̀tẹ̀ fẹ́ fi Katniss ṣe ojú ìjà wọn. Wọ́n ṣe é lọ́ṣọ̀ọ́, wọ́n gbé ọ̀rọ̀ tí wọ́n ti kọ sílẹ̀ lé e lọ́wọ́, wọ́n ní kó sọ ọ́ sí kámẹ́rà. Ó sọ ọ́, kò wọlé rárá. Haymitch tó jẹ́ olùtọ́nà rẹ̀ bú sẹ́rìn-ín, ó ní bí ìdìtẹ̀ ṣe ń kú nìyẹn. Wọ́n gbé e kúrò níbẹ̀ lọ sí àgbègbè kẹjọ, sínú ọsibítù tí àwọn tó fara gbọgbẹ́ kún bámúbámú. Wọ́n nawọ́ kàn án, wọ́n ń pe orúkọ rẹ̀. Kò pẹ́ tó jáde ni olú-ìlú ju bọ́ǹbù sórí wọn. Ìgbà yẹn ló kọjú sí kámẹ́rà, tó ní bí àwa bá jóná, ẹ̀yin náà á bá wa jóná. Ẹnu kan náà ló sọ méjèèjì. Ọwọ́ àwọn aláìsàn wọ̀nyẹn ló wà láàárín ti àkọ́kọ́ àti ti ìkejì.

Bí ọ̀rọ̀ bá dùn lẹ́nu ẹ̀dá ìtàn yín, ẹ bi í pé ta ló ń bá sọ̀rọ̀, kí sì ni yóò bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ bó bá sọ ọ́ tán. Bí kò bá sí nǹkan kan, ẹ pa á rẹ́.

Ìgbà míì wà tí ọ̀rọ̀ kò tilẹ̀ sí. Nígbà tí Rue, ọmọ ọdún 12 láti àgbègbè mìíràn tó bá Katniss dọ́rẹ̀ẹ́ nínú ìjà náà, kú, òdòdó ni Katniss fi bo ara rẹ̀. Àwọn ará àgbègbè Rue, tí àwọn fúnra wọn kò rí jẹ, wá fi búrẹ́dì ránṣẹ́ sí Katniss, ọmọ tí kì í ṣe tiwọn. Bákan náà ni ìka mẹ́ta tí wọ́n ń nà sókè nínú ìtàn yẹn láti fi dágbére fún ẹni tí wọ́n fẹ́ràn. Nígbà tí ológun gbàjọba ní Thailand ní 2014, àwọn ènìyàn na ìka mẹ́ta yẹn ní gbangba, wọ́n sì mú àwọn kan nítorí rẹ̀.

Àmọ́ ohun tí mo fẹ́ bẹ̀ yín jù ni pé kí ẹ má rò pé òkèèrè nìkan ni irú ìlú bẹ́ẹ̀ wà. Àwọn ẹlẹ́ṣin Tápà láti Bídá jẹ gàba lé àwọn baba wa lórí ní ọgọ́rùn-ún ọdún 19. Ìlú wa ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún wọn, ènìyàn sì wà lára ohun tí wọ́n ń fi san án. Ó di 1897, tí Royal Niger Company, ilé-iṣẹ́ òwò àwọn Gẹ̀ẹ́sì, ṣẹ́gun Bídá, kí ọwọ́ yẹn tó kúrò lọ́rùn wa. Mo ń kọ́ àwọn ọmọ nípa Panem fún ọdún mélòó kan kí ó tó sọ sí mi lọ́kàn pé ìdílé wa náà ti fi ọmọ san gbèsè rí.

Mo bi Màmá, ìyá ìyá mi yẹn, léèrè. Wọ́n ní ìyá ìyá àwọn sọ fún àwọn pé inú ihò àpáta ni wọ́n ń sá sí. Bí pátákò ẹṣin bá ti ń dún nísàlẹ̀, ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ húkọ́. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni àwọn obìnrin máa ń sọ sí ara wọn létí nínú òkùnkùn yẹn: “Fún un lọ́mú.” Torí bí ọmọ ọwọ́ bá fi lè ké, gbogbo wọn lọ nìyẹn. Màmá ní ẹni tí ọmú rẹ̀ ti gbẹ pàápàá á fi sí ọmọ lẹ́nu.

Mo ti ka ìwé púpọ̀. N kò tíì rí èyí tó ju ọ̀rọ̀ yẹn lọ.

Mo padà sílé, mo pa ọ̀rọ̀ ńlá ọmọbìnrin mi rẹ́ láti òkè délẹ̀. Nísinsìnyí, ó kàn gbé korobá sílẹ̀ níwájú ọmọ ogun tó ń ṣọ́ ẹ̀rọ, ó ní, “Àbúrò mi kò tíì mu omi láti àná.” Ọmọ ogun náà wo korobá, ó wo ẹ̀yìn rẹ̀ bóyá ẹnì kan ń bọ̀.

Mo kà á fún Màmá. Ẹ̀wà ni wọ́n ń ṣà lọ́jọ́ yẹn. Wọ́n gbé àtẹ sílẹ̀, wọ́n ní: “Ó ṣí i fún un?”