Mo mú Àlàájà lọ sí ọgbà àjàrà Alsace: ẹ̀kọ́ tí mo kọ́

Nígbà tí èmi àti ọkọ mi pé ogún ọdún tí a ti ṣègbéyàwó, a pinnu láti lọ lo ọjọ́ méjì ní Alsace, ní ìlà oòrùn Faransé, níbi tí ọgbà àjàrà ti bẹ̀rẹ̀ lẹ́sẹ̀ òkè Vosges tó sì lọ bẹ́ẹ̀ títí dé ẹnu ibodè àwọn abúlé olódi. Ìgbà yẹn gan-an ni Màmá mi ti Abẹ́òkúta wá kí wa ní London. Àlàájà ni wọ́n, wọn kì í fi ẹnu kan ọtí, wọ́n sì ti lé ní àádọ́rin ọdún. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní kí n fi wọ́n sílẹ̀ lọ́dọ̀ àbúrò mi, pé kí ni Àlàájà fẹ́ lọ ṣe nílé ọlọ́tí? Mo mú wọn dání. Nínú gbogbo ìrìnàjò tí mo ti rìn láyé mi, èyí ni mo gbádùn jù. Ohun tó sì fà á ni pé àwa mẹ́jọ péré la wà nínú ọkọ̀, ẹnikẹ́ni nínú wa sì lè la ẹnu sọ ohun tó ń fẹ́.

Mo mọ ìyàtọ̀. Ọdún méjì ṣáájú, èmi àti ọkọ mi ti bá bọ́ọ̀sì ńlá kan lọ sí agbègbè kan náà. Abúlé márùn-ún lójọ́ kan ni wọ́n kọ sórí ìwé, owó rẹ̀ kò sì wọ́n, a rò pé a ti rí ọjà gidi rà. Àwa bí àádọ́ta. Bọ́ọ̀sì ńlá kì í wọ àárín àwọn abúlé yìí, ìta odi ló máa ń dúró sí. Kí èèyàn tó rìn wọlé, kó tò síwájú ilé ìgbọ̀nsẹ̀, kó ya fọ́tò méjì, wọ́n ti ń pè wá padà, wọ́n ti ń kà wá lórí. Nígbà tí mo délé, ìlà ilé ìgbọ̀nsẹ̀ nìkan ni mo rí rántí nípa Riquewihr, ọ̀kan nínú àwọn abúlé náà.

Torí náà, lẹ́ẹ̀kejì, kí n tó sanwó, mo béèrè ọ̀rọ̀. Mélòó la máa jẹ́ nínú ọkọ̀? Ẹ má kàn gba "ẹgbẹ́ kékeré" gbọ́; ogún èèyàn ni àwọn kan ń pè bẹ́ẹ̀. Ní Faransé, ẹni tó ní ìwé àṣẹ ìwakọ̀ ti gbogbo èèyàn kò gbọdọ̀ gbé ju èrò mẹ́jọ lọ, ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ ọkọ̀ kékeré wọn fi ń dúró lórí mẹ́jọ. Abúlé mélòó lójọ́ kan? Ẹni tó bá ti ní ó ju mẹ́ta lọ, mo fi í sílẹ̀. Ṣé olóko àjàrà fúnra rẹ̀ la máa bá sọ̀rọ̀, àbí ilé ìtajà ni wọ́n ń gbé wa lọ? Mo tún sọ fún wọn pé ìyá mi kì í mutí, orúnkún wọn kò sì gba òkè gígùn mọ́. Ilé iṣẹ́ kan kò dá mi lóhùn rárá. Èkejì kọ̀wé padà lọ́jọ́ kejì pé àwọn á bá olóko kan sọ̀rọ̀ kó tọ́jú omi àjàrà tí kò tíì di ọtí sílẹ̀ fún Màmá. Àwọn ni mo sanwó fún. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po méjì owó bọ́ọ̀sì ńlá, n kò sì kábàámọ̀ kọ́bọ̀ nínú rẹ̀.

Kí n tètè sọ èyí kí n tó gbàgbé. Físà Britain kò gbé ẹni tó ń lo pásípọ́ọ̀tù Nàìjíríà wọ Faransé. Kódà bí ẹ ti pẹ́ ní London, tí ẹ kò bá tíì ní páálí ìlú yìí, ẹ ó gba físà Schengen, èyí tí Faransé ń lò. Ti Màmá, Èkó ni a ti bá wọn gbà á kí wọ́n tó kúrò nílé. Bí ẹ bá sì bá ọkọ̀ òfuurufú lọ sí Basel-Mulhouse, ọ̀nà àbájáde méjì ni pápákọ̀ náà ní: ọ̀kan bọ́ sí Switzerland, ọ̀kan bọ́ sí Faransé. Ti Faransé ni kí ẹ gbà. Bọ́ọ̀sì á gbé yín dé ibùdókọ̀ ojú irin Saint-Louis, ọkọ̀ ojú irin á sì gbé yín dé Colmar kí wákàtí kan tó pé. Colmar ni a sùn sí.

Ọ̀nà Wáìnì Alsace tí wọ́n ṣí ní 1953 gùn tó nǹkan bí 170 kìlómítà, láti Marlenheim lápá àríwá dé Thann lápá gúúsù. Ọjọ́ méjì kò lè tó fún un, ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ṣèlérí rẹ̀ fún yín. Eguisheim la kọ́kọ́ lọ, mo sì dúpẹ́ pé òun ni, nítorí ilẹ̀ ibẹ̀ tẹ́jú. Àwọn ilé ibẹ̀ tò yí àárín ìlú po bí ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn, ìlà kan nínú ìlà kejì, ẹ ó kàn máa rìn yípo títí ẹ ó fi padà síbi tí ẹ ti bẹ̀rẹ̀. Igi gbọọrọ gbọọrọ ni wọ́n fi gbé àwọn ilé náà ró, wọ́n wá po amọ̀ mọ́ koríko gbígbẹ, wọ́n fi dí àárín igi, wọ́n sì kùn ún ní pupa, ní búlúù, ní àwọ̀ ẹyin adìẹ. Ibì kan wà tí ara ògiri ti bó díẹ̀. Màmá fi ìka tẹ ibẹ̀, wọ́n rí koríko tó yọrí nínú amọ̀, wọ́n ní, "Ilé bàbá wa ní Kémta náà rèé, àwọn wọ̀nyí ni kò jẹ́ kí tiwọn wó." Afinimọ̀nà wa ní kí n túmọ̀ rẹ̀ fún òun. Láti ìgbà náà, Màmá ló ń kọ́kọ́ wò lójú bó bá sọ nǹkan tán.

Ní Riquewihr, ọ̀nà ń gòkè díẹ̀díẹ̀ lọ sí ibodè tí wọ́n ń pè ní Dolder, tí wọ́n kọ́ ní 1291. Ẹ má kàn gba abẹ́ rẹ̀ kọjá. Ẹ jáde sí ìta odi, kí ẹ yíjú padà wò ó: ojú tó kọ sí ọ̀tá, òkúta ni látòkè délẹ̀, ojú tó kọ sí ará ilé ló ní igi àti amọ̀ àti fèrèsé tó rẹwà. Oníbodè ló ń gbé òkè rẹ̀ nígbà náà, tó ń ṣọ́ ìlú. Màmá jókòó, wọ́n sì ní kí n sọ fún afinimọ̀nà pé Abẹ́òkúta náà lódi, pé ìhà ibodè Àró ni àwọn ará Dahomey gbà kọlù wá ní 1851, wọn kò sì rí i wọ̀. Àwọn tọkọtaya kan láti Jámánì tó wà nínú ọkọ̀ wa bẹ̀rẹ̀ sí í bi wọ́n ní ìbéèrè. Nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú la fi wà níbẹ̀, ẹnikẹ́ni kò sì ká wa lọ́wọ́ kò.

Ọ̀rọ̀ ọtí wá kù, níbẹ̀ ni mo ti ṣe àṣìṣe tí ó ṣì ń dùn mí. Lábẹ́ ilẹ̀ ni olóko ti ń gba àlejò, láàárín àwọn àgbá onígi ńláńlá, ibẹ̀ sì tutù, ẹ mú ìborùn dání kódà bó bá jẹ́ oṣù kẹfà. Ọtí funfun ló pọ̀ jù níbẹ̀. Ó ń bu díẹ̀díẹ̀ fún wa: Sylvaner, lẹ́yìn náà Riesling tó mú ahọ́n bí ọsàn wẹ́wẹ́, lẹ́yìn náà Pinot Gris, ó wá kan Gewurztraminer tí òórùn rẹ̀ dà bí òdòdó róòsì. Garawa kékeré kan wà lórí tábìlì tí wọ́n ń tu ọtí sí. Bí wọ́n ṣe tọ́ mi, ẹni tó bá tu ohun tí onílé fún un ti rí onílé fín. Mo gbé gbogbo rẹ̀ mì. Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀: bí ó bá bu sẹ̀ńtílítà márùn-ún lẹ́ẹ̀kan, ìbù mẹ́fà jẹ́ ọgbọ̀n sẹ̀ńtílítà, lọ́dọ̀ olóko méjì, ó ti di ọgọ́ta. Ìgò kan gbáko kò ju 75 lọ. Inú mi sì ṣófo.

Nígbà tí a dé Kaysersberg lọ́sàn-án, orí ń fọ́ mi. Mo jókòó sórí bẹ́ńṣì létí odò, àwọn yòókù ń bá tiwọn lọ. Ibẹ̀ ni wọ́n ti fi ilé tí wọ́n bí Albert Schweitzer sí ní 1875 hàn wọ́n, dókítà tó lọ dá ilé ìwòsàn sílẹ̀ ní Lambaréné ní Gabon ní 1913, tí wọ́n fún ní ẹ̀bùn àlàáfíà Nobel ti 1952. Nọ́ọ̀sì ni mí. Láti ìgbà tí mo wà nílé ẹ̀kọ́ ni mo ti ń gbọ́ orúkọ ọkùnrin yìí. Mo dé ìlú rẹ̀, n kò sì rí ilé rẹ̀.

Lálẹ́ ọjọ́ náà afinimọ̀nà ṣàlàyé fún mi pé àwọn olóko fúnra wọn ń tu ú nígbà tí wọ́n bá ń tọ́ ọ wò, pé kò sí ìwọ̀sí kankan níbẹ̀. Lọ́jọ́ kejì mo jẹ búrẹ́dì kí a tó jáde, mo mu omi, mo sì tu ọtí bí wọ́n ṣe ń tu ú. Ọjọ́ náà ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ ohun tó wà nínú ife. Àjàrà ń tanná lọ́wọ́, òdòdó rẹ̀ kò ju orí abẹ́rẹ́ lọ, olóko sì ní tí ó bá ti tanná, nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọjọ́ ló kù kí wọ́n tó ká a. Omi àjàrà Màmá, inú ife wáìnì kan náà tó fi bu tiwa ló bu ú sí, ó sì fi ọwọ́ méjèèjì gbé e fún wọn. Bí ẹ bá fẹ́ rà, ẹ rà, bí ẹ kò rà, ẹnikẹ́ni kò ní bínú sí yín. Ìgò mẹ́rìnlélógún, ìyẹn lítà 18, ni òfin Britain gba àgbàlagbà kan láyè láti kó wọlé láìsan owó orí. Ẹ má lọ lọ́jọ́ Àìkú o, ọ̀pọ̀ olóko ló ń tilẹ̀kùn.

Fún Mùsùlùmí, oúnjẹ ibẹ̀ gba àkíyèsí. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀ wà nínú flammekueche, ó wà nínú choucroute, ó sì wà nínú baeckeoffe. Ohun tí Màmá jẹ ni bibeleskaes, wàrà tútù tí wọ́n fi aáyù àti ewé pò, pẹ̀lú pòtétò díndín. Wọ́n tún béèrè sí i.

Ọ̀sán ọjọ́ kejì ni a kọjá ní Bennwihr, ilé ibẹ̀ kò sì jọ ti ibòmíràn, tuntun ni gbogbo wọn. Afinimọ̀nà ní ogun ló pa abúlé náà rẹ́ ní ìparí 1944, nígbà tí wọ́n ń lé àwọn Jámánì jáde ní Colmar, àti pé àwọn ọmọ Mòrókò, Àlgéríà àti Tùnísíà pọ̀ nínú àwọn tó kú. Màmá béèrè ibi tí wọ́n sin wọ́n sí. Ó nawọ́ sí òkè kan láàárín àjàrà, ní Sigolsheim. Màmá ní, "Ẹ gbé mi débẹ̀." Kò sí nínú ètò wa. Ó yíjú bi àwọn yòókù, gbogbo wọn gbà.

Sàréè tó lé ní 1500 ló wà lórí òkè náà. Àgbélébùú wà lórí ti àwọn kan. Ti àwọn Mùsùlùmí jẹ́ òkúta tí wọ́n kọ èdè Lárúbáwá sí lára, wọ́n sì kọ ọ́ sí ìhà Mẹ́kà. Màmá bọ́ bàtà. Wọ́n ka Fátíà, wọ́n fi àtẹ́lẹwọ́ nu ekuru orí òkúta kan, wọ́n kọjá sí èkejì, wọ́n nu ún, wọ́n kọjá sí ẹ̀kẹta. Ọkùnrin ará Jámánì yẹn ṣí fìlà. Orúnkún tí mo ń bẹ̀rù fún láti London gbé wọn rìn dé ìparí ìlà náà, mo sì kàn ń gbé bàtà wọn tẹ̀ lé wọn ni.

Nígbà tí afinimọ̀nà gbé wa padà sí ibùdókọ̀ ojú irin Colmar, mo ti di owó díẹ̀ sínú àpòòwé fún un. Màmá ní kí n dúró. Wọ́n fa àdìrẹ kan yọ nínú báàgì wọn, èyí tí wọ́n rà ní Ìtòkú fún àbúrò ọkọ mi. Ọkùnrin náà tẹ́ ẹ sórí ẹnu ọkọ̀, ó ń fi ìka tọ àwọn ìlà funfun inú aró, ó béèrè bí wọ́n ṣe ń ṣe é tí aró kì í fi dé ibẹ̀. Màmá jókòó padà sínú ọkọ̀, wọ́n bẹ̀rẹ̀ láti orí ewé ẹlú, wọ́n dé orí ẹ̀kọ tí wọ́n fi ń kọ iṣẹ́ ọnà sára aṣọ, èmi ń túmọ̀, òun ń kọ ọ́ sínú ìwé kékeré rẹ̀, títí tí ọkọ mi fi sáré wá pe pé ọkọ̀ ojú irin ti ń wọlé.