Ohun tí a kì í kà mọ́ kóńgò ìrẹsì

Láti kékeré ni mo ti ń jẹ ìrẹsì Ìgbẹ́mọ, àmọ́ n kò mọ ìyà tó wà nídìí rẹ̀ àfi ìgbà tí mo wọ mọ́tò ní Adó-Èkìtì lọ sí Ìgbẹ́mọ fúnra mi. Owó ọkọ̀ ló kọ́kọ́ là mí lójú. Nígbà tí ìjọba àpapọ̀ yọ owó ìrànwọ́ orí epo lọ́jọ́ 29 oṣù Karùn-ún ọdún 2023, lítà bẹntiróòlù tí kò tó 200 náírà fò kọjá 500 láàárín ọjọ́ mélòó kan. Àpò ìrẹsì náà ń wọ mọ́tò. Alábàárù tó gbé e sókè ń gba tirẹ̀, èyí tó sọ̀ ọ́ kalẹ̀ náà ń gba tirẹ̀. Ìyẹn ṣì ṣeé kà.

Mo bá ìyá àgbà kan nídìí àgbá tí wọ́n fi ń bọ ìrẹsì. Mo kúnlẹ̀ kí i. Ó ní òru ni àwọn fi ń rẹ ẹ́ sómi, kí àwọn tó bọ̀ ọ́ lórí iná igi títí èèpo yóò fi máa là, kí àwọn tó wá sá a. Bí oòrùn bá mú un jù, yóò rún lẹ́nu ẹ̀rọ. Bí òjò bá ká a mọ́ ìta, yóò rùn. Ìrẹsì tó rún kì í pa owó gidi. Bí ó bá ti ẹ̀rọ dé, ó tún ku fífẹ́ àti ṣíṣa òkúta.

“Ìyá, èló ni ẹ ń gbà fún gbogbo èyí?”

“Ta ni yóò san án fún mi, ọmọ mi? Ṣé ìrẹsì tèmi kọ́ ni?”

Ọ̀rọ̀ ẹyẹ ló dùn mí jù. Nígbà tí ọmọ inú ìrẹsì ṣì rí bí wàrà ni ẹ̀gà ti ń ya bo oko. Láti ìdájí di ìrọ̀lẹ́, ẹnì kan gbọ́dọ̀ máa pariwo, kó máa lu agolo, kó máa fi kànnàkànnà sọ òkò. Ọmọdé ni wọ́n sábà máa ń rán. Ọmọ tó ń lé ẹyẹ lọ́jọ́ Ajé kò sí ní kíláàsì lọ́jọ́ náà, kò sì sẹ́ni tó ka ìyẹn mọ́ owó kóńgò. Àwa tí a ń rà á sì tún ń bèèrè èènì!

Mo bi ìyá pé kí ni ó fẹ́ kí ìjọba ṣe. Kò dárúkọ owó. Ó ní ẹ̀rọ tó ń yọ òkúta, àti àwọ̀n tí wọn yóò ta bo oko. Ti àwọ̀n yẹn ni èmi fẹ́ jù, nítorí àwọn ọmọ.