Ẹsẹ̀ Ni Kí O Máa Wò, Má Wo Bọ́ọ̀lù

Bí ẹ bá bi bàbá mi léèrè iṣẹ́ tí mo ń ṣe kí n tó di akọ́nimọ̀ọ́gbá, èsì kan ṣoṣo ló ní: "Ó ń gbá bọ́ọ̀lù tí kì í fọwọ́ kàn." Wọn ò parọ́. Ọdún 11 ni mo fi ṣe offensive lineman nínú bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà: mẹ́rin ní háìsukúù, márùn-ún ní yunifásítì, méjì ní NFL, líìgì àwọn tó ń fi eré náà ṣiṣẹ́ jẹ. Márùn-ún la máa ń tò lórí ìlà, center láàárín, guard méjì lọ́tùn-ún lósì rẹ̀, tackle méjì létí. Guard ọ̀tún ni èmi. Òfin kò jẹ́ kí irú wa gba bọ́ọ̀lù tí quarterback, ẹni tó ń darí eré wa, bá jù síwájú, àyàfi tí ẹnì kan nínú wa bá kọ́kọ́ lọ fi ara rẹ̀ han rẹfirí. Iṣẹ́ wa ni kí á dínà mọ́ àwọn òmìrán tó ń sáré bọ̀ wá gbé quarterback ṣánlẹ̀. Tí a bá ṣe é bó ti yẹ, kò sẹ́ni tó máa dárúkọ wa. Àmọ́ jẹ́ kí n di ẹ̀wù ẹnì kan mú, kí rẹfirí ju aṣọ yẹ́lò rẹ̀ sílẹ̀, kíá ni yóò pe nọ́ńbà mi nínú makirofóònù fún gbogbo pápá gbọ́, wọn a sì fà wá sẹ́yìn ní yáàdì 10. Ìgbà yẹn nìkan ni àwọn ará ilé ń gbọ́ ọ̀rọ̀ mi lórí tẹlifíṣọ̀n.

Ọmọ ọdún 13 ni mí nígbà tí a kúrò ní Ìbàdàn wá sí Houston. Bọ́ọ̀lù àfẹsẹ̀gbá ni mo mọ̀, gólì ni wọ́n sì máa ń fi mí sí, torí pé ara mi nìkan tó dí idajì ojú ilé. Ọ̀sẹ̀ kejì tí mo wọ háìsukúù ni akọ́nimọ̀ọ́gbá kan pàdé mi ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó wo bàtà mi, ó ní nọ́ńbà wo ni mò ń wọ̀. Mo dáhùn. Ó ní kí n wá rí òun tí ilé ìwé bá parí. Nígbà tí bàbá mi gbọ́, wọ́n ní, "Ṣé torí kí o lè máa kan èèyàn bí àgbò la ṣe ta ilẹ̀ wa ní Akóbọ̀?"

Ọ̀rọ̀ àgbò yẹn padà wá wúlò. Wọ́n wá wò wá níbi ìdánrawò lọ́jọ́ kan, ohun tí wọ́n sì rí ni ọmọ wọn tó ń fẹ̀yìn rìn. Ìgbésẹ̀ kan sẹ́yìn, òmíràn sẹ́yìn, bẹ́ẹ̀ fún wákàtí kan. Inú wọn ò dùn. Lójú wọn, ojo ló ń fẹ̀yìn rìn. Mo ní, "Tótó ó ṣe bí òwe o, bàbá mi, àgbò tó fẹ̀yìn rìn, agbára ló lọ mú wá." Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn, wọ́n sì fọwọ́ sí fọ́ọ̀mù mi.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́ fún yín lónìí: òwe yẹn ò bá iṣẹ́ wa mu tán. Àgbò yóò padà wá kàn. Àwa kì í padà wá. Tí quarterback bá fẹ́ ju bọ́ọ̀lù, à ń fà sẹ́yìn kí ẹni tó ń bọ̀ lè wá bá wa níbi tí a fẹ́ kó dé, kì í ṣe níbi tí òun fẹ́. Ẹni tó bá kánjú kàn án, tó na ọrùn síwájú, ti ṣubú nìyẹn. Agbára mi pọ̀ ju ti ọ̀pọ̀ ọmọ ẹgbẹ́ mi lọ, òun gan-an ló sì fẹ́ bà mí jẹ́, torí mo rò pé ọwọ́ ni wọ́n fi ń ṣe iṣẹ́ yìí. Ẹsẹ̀ ni. Ọwọ́ ò lè tún ohun tí ẹsẹ̀ bá ti bà jẹ́ ṣe.

Ọ̀nà tí mo gbà dé NFL kò gbayì. Ìpele méje ni wọ́n fi ń yan ọmọ nínú draft, ètò tí àwọn ikọ̀ NFL fi ń mú ọmọ tuntun lọ́kọ̀ọ̀kan. Mo jókòó níwájú tẹlifíṣọ̀n fún ọjọ́ mẹ́ta, ìyá mi ti se jọ̀lọ́ọ̀fù fún gbogbo àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì, ìpele méje parí, kò sẹ́ni tó pè mí. Ìgbà tí wọ́n ń fọ ìkòkò ni fóònù dún: wọ́n ní kí n wá gbìyànjú. Inú practice squad ni mo bá ara mi. Àwọn tó wà níbẹ̀ ń bá ikọ̀ dánra wò, ṣùgbọ́n wọn kì í sábà wọ aṣọ lọ́jọ́ eré. Ọ̀sẹ̀ ọ̀sẹ̀ ni owó wọn, ọjọ́ tó bá sì wù wọ́n ni wọ́n lè ní kí o máa lọ. Èmi rí i lẹ́ẹ̀mejì. Ẹnì kan á wá dúró ti àpótí aṣọ rẹ, á ní, "Kóòṣì ń pè ọ́, mú tablet rẹ dání." Inú tablet yẹn ni ìwé eré wọn wà. Bí wọ́n bá ti ní kí o mú un dání, má bèèrè ohunkóhun mọ́.

Ẹ̀yin òbí, ibí yìí ni kí ẹ ti tẹ́tí. Kí ọdún kan tó kà fún owó ìfẹ̀yìntì NFL, ọmọ yín gbọ́dọ̀ wà lórí orúkọ ikọ̀ gan-an fún eré mẹ́ta ó kéré tán, kó sì ní irú ọdún bẹ́ẹ̀ mẹ́ta. Ọ̀sẹ̀ tó bá lò ní practice squad kì í sábà kà mọ́ ọn. Ọdún méjì mi kò so èso kankan lọ́hùn-ún. Ohun tí mo mú kúrò níbẹ̀ ni orókún òsì tó ń sọ fún mi bí òjò bá fẹ́ rọ̀, àti ohun kan tí mi ò mọ iye rẹ̀ nígbà náà. Iṣẹ́ practice squad ni kí o máa ṣe bí ọ̀tá. Tí ikọ̀ wa bá fẹ́ pàdé ikọ̀ kan lọ́jọ́ Sunday, èmi ni mo máa di guard ọ̀tún wọn láti Wednesday. Mo ní láti wo fíìmù ẹni yẹn, kí n mọ bó ṣe ń gbé ìdí, ẹsẹ̀ tó kọ́kọ́ ń sún, kí n wá ṣe é kí àwọn tiwa lè mọ̀ ọ́n. Ọ̀sẹ̀ kan Bẹ́lóò, ọ̀sẹ̀ kejì Làmídì. Ó ń bí mi nínú. Mo rò pé ìyà ni.

Ìgbà tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ọmọ ni mo tó mọ̀ pé ìwé ni mò ń kà nígbà yẹn.

Torí ọjọ́ àkọ́kọ́ mi gẹ́gẹ́ bí akọ́nimọ̀ọ́gbá, ìtìjú ni mo jẹ. Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, mo fọwọ́ kanlẹ̀, mo fà sẹ́yìn bí ẹni ń yọ́ lórí òróró, mo ní, "Ó yá, ẹ ṣe bẹ́ẹ̀." Kò sẹ́ni tó lè ṣe é. Ọmọ kékeré kan, ó ku díẹ̀ kí àṣíborí gbé e mì, ló bi mí pé, "Kóòṣì, ẹsẹ̀ yín wo ló kọ́kọ́ ṣiṣẹ́?" Mo ní ẹsẹ̀ ọ̀tún. Nígbà tí mo délé, mo gbé fóònù lé àga, mo ya ara mi lẹ́yìnkùlé. Irọ́ ni mo pa fún ọmọ ọlọ́mọ. Kí ẹsẹ̀ ọ̀tún mi tó gbéra ni ẹsẹ̀ òsì ti ti ilẹ̀. Òsì ló ń ti ọ̀tún lọ. Ọdún 11 ni mo fi ṣe é, ara mi mọ̀ ọ́n, ẹnu mi ò mọ̀ ọ́n.

Ní Houston níbí, bí o bá jókòó ti àwọn àgbà onílé, wọn ò ní yé sọ ìtàn Oilers fún ọ, ikọ̀ tó kó lọ sí Tennessee ní 1997. Wọ́n á sọ ti Mike Munchak, guard tí wọ́n yàn sí ipò kẹjọ nínú draft 1982, àti Bruce Matthews, tí wọ́n yàn sí ipò kẹsàn-án lọ́dún tó tẹ̀ lé e, tó gbá ipò márààrún tó wà lórí ìlà nínú ọdún 19 tó fi ṣeré. Àwọn méjèèjì ti wọ Hall of Fame, ilé ọlá àwọn àgbà eré náà. Munchak ni èmi ń fi kọ́ra. Wọ́n yàn án sí Pro Bowl, eré àwọn tó pegedé jù lọ́dún, lẹ́ẹ̀mẹ́sàn-án kí orókún tó dá a dúró lẹ́yìn sáà 1993. Ẹ mọ ibi tó ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ kíkọ́ni ní 1994? Ipò olùrànlọ́wọ́ kékeré, irú èyí tí àwọn ọ̀dọ́ tí kò tíì lórúkọ fi ń gé fíìmù, tí wọ́n fi ń to ìwé eré. Ọdún mẹ́ta ló lò nídìí ẹ̀ kí wọ́n tó fa àwọn ará ìlà lé e lọ́wọ́ ní 1997, ó sì tó 2011 kó tó di olórí akọ́nimọ̀ọ́gbá Tennessee. Matthews ló pè kó wá máa kọ́ àwọn ará ìlà fún òun.

Àmọ́ ohun tó wù mí jù nínú iṣẹ́ rẹ̀, Pittsburgh ló ti ṣe é, lẹ́yìn tí Tennessee dá a dúró. Alejandro Villanueva, sójà tó ti jagun ní Afghanistan, dé ọ̀dọ̀ Steelers, ikọ̀ Pittsburgh, ní 2014 lẹ́yìn tí ikọ̀ míì já a sílẹ̀. Ìhà kejì ìlà ni wọ́n fi í sí lọ́hùn-ún, níbi tí wọ́n ti ń lé quarterback. Ọjọ́ orí rẹ̀ ti lé ní 25. Wọ́n sọ ọ́ di tackle, Munchak ń kọ́ ọ, kò pẹ́ tó fi di tackle òsì wọn, ó sì dé Pro Bowl lẹ́ẹ̀mejì. Ẹni tó lè mú irú àgbà akẹ́kọ̀ọ́ bẹ́ẹ̀ dé ibẹ̀, ó mọ ẹsẹ̀ tó kọ́kọ́ ń ṣiṣẹ́. Nítorí náà, ìwọ tí o ṣẹ̀ṣẹ̀ fi eré sílẹ̀, má lọ máa wá ipò tó tó orúkọ rẹ. Lọ gé fíìmù.

Ọ̀rọ̀ orí tó ń fara pa nínú eré yìí ńkọ́? Mi ò ní fò ó. Mike Webster, center tó gba Super Bowl, ife àṣekágbá NFL, lẹ́ẹ̀mẹrin pẹ̀lú Steelers, kú ní 2002 lẹ́ni ọdún 50, lẹ́yìn ọdún pípẹ́ tí iyè rẹ̀ ti dàrú. Dókítà ọmọ Nàìjíríà, Bennet Omalu, ló yẹ ọpọlọ rẹ̀ wò, tó rí CTE níbẹ̀, àrùn ọpọlọ tí kíkan orí léraléra ń fà, tó sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní 2005. Mo ka ìtàn yẹn lálẹ́ ọjọ́ kan, oorun ò kùn mí. Láti ìgbà náà, lọ́dọ̀ mi, ẹ̀ẹ̀kan lọ́sẹ̀ ni àwọn ọmọ ń fi ara kanra tagbáratagbára níbi ìdánrawò. Àwọn òbí kan ní mò ń kẹ́ wọn. Kí wọ́n máa sọ ọ́.

Oúnjẹ náà wà níbẹ̀. Pọ́n-ùn 312 ni mo wọ̀n nígbà tí mò ń ṣeré, àwo mẹ́fà lóòjọ́, iyán ìyá mi sì jẹ́ ara iṣẹ́. Nígbà tí mo parí, mo dín oúnjẹ kù títí mo fi jò dé 240. Gbogbo ibi òwàmbẹ̀ tí mo bá lọ, wọ́n á fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan: "Ọmọ mi, ṣé kò sí o? Kí ni dókítà sọ?" Àǹtí kan tiẹ̀ gbé omi àdúrà wá bá mi nílé. Bí o bá fẹ́ fi eré sílẹ̀, tètè jò, kí orókún lè sinmi, kí o sì wá èsì sílẹ̀ fún àwọn àǹtí.

Ìṣirò tí bàbá mi fi dandan lé pé kí n kà jáde ni mò ń kọ́ àwọn ọmọ ní háìsukúù báyìí. Tó bá di ọ̀sán, mo bọ́ sí pápá. Alẹ́ Friday ni eré wa, bàbá mi kì í pa á jẹ. Nígbà kan rí, bí eré bá parí, ìbéèrè wọn ni, "Ta ló gbé bọ́ọ̀lù wọlé?" Èmi á ní mi ò rí i, torí ìlà ni mò ń wò.

Ní oṣù kọkànlá tó kọjá, a fìdí rẹmi. Wọ́n dúró dè mí níbi mọ́tò, wọ́n fi fìlà bo etí nítorí òtútù. Mo ń retí ìbéèrè wọn. Wọ́n ní, "Ọmọ tó wọ nọ́ńbà 72 yẹn. Ẹsẹ̀ òsì rẹ̀ ò ti ilẹ̀."

Mo lọ wo fíìmù láàárọ̀ Saturday. Kò tì í lóòótọ́.