Láti Àkúrẹ́ dé Àsábà: títọ ojú ọ̀nà tí ogun gbà dé Òrè

"Ó le kú, ìjà Òrè!" Kò sí àgbàlagbà Yorùbá tí kò gbọ́ ọ rí. Ṣùgbọ́n ẹ bi àwọn ọ̀dọ́ tó ń fi í ṣeré lónìí pé ta ló bá ta jà ní Òrè, kí ló gbé ogun Biafra dé àárín igbó bẹ́ẹ̀, ọ̀pọ̀ wọn ni kò ní rí nǹkan sọ. Ìrìnàjò tí a fẹ́ là sílẹ̀ yìí wà fún ẹni tó fẹ́ fojú ara rẹ̀ rí i. Ó bẹ̀rẹ̀ ní Àkúrẹ́, ó gba Oǹdó, ó dúró pẹ́ ní Òrè, ó sì gba Ìbìní dé Àsábà létí odò Ọya. Àsábà ni ogun náà gbà wọlé, ibẹ̀ náà ló sì padà gbà jáde. Ẹni tó bá wo Òrè nìkan tó ṣẹ́rí padà, ìdajì ìtàn ló mú lọ sílé.

Ẹ mọ èyí kí ẹ tó gbéra. Ní ọjọ́ 30 oṣù Karùn-ún ọdún 1967, Odumegwu Ojukwu, gómìnà ológun Ìlà-Oòrùn, kéde pé Ìlà-Oòrùn Nàìjíríà ti di orílẹ̀-èdè Biafra. Ní ọjọ́ 6 oṣù Keje, ìbọn dún láàárín ìjọba àpapọ̀ Nàìjíríà àti Biafra. Agbègbè Midwest, tó di Edo àti Delta lónìí, wà láàárín àwọn méjèèjì, gómìnà ológun rẹ̀, David Ejoor, sì ń sọ pé wọn kò ní sọ ilẹ̀ òun di pápá ogun. Ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀. Ní ìdájí ọjọ́ 9 oṣù Kẹjọ, ọdún mẹ́rin géérégé sí ọjọ́ tí wọ́n yọ Midwest kúrò lára Western Region ní 1963, àwọn ọmọ ogun Biafra bíi 3,000 kó sínú ọkọ̀ bíi 100, wọ́n sì sọdá afárá odò Ọya láti Onitsha wọ Àsábà. Kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó ṣú, Ìbìní ti bọ́ sí wọn lọ́wọ́. Ọmọ Yorùbá ló ṣáájú wọn: Victor Banjo, ọmọ Ìjẹ̀bú. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni wọ́n fi jókòó lé Midwest lórí, Òrè sì ni ibi tí wọ́n jìnnà dé jù lójú ọ̀nà Èkó.

Láti Àkúrẹ́, ẹ gbéra ní kùtùkùtù. Kó má kọjá aago méje. Ọkọ̀ èrò ń lọ sí Oǹdó láti òwúrọ̀ títí ilẹ̀ fi ń ṣú, láti Oǹdó náà ẹ óò rí ọkọ̀ Òrè. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ èrò kì í dúró kí èèyàn wo nǹkan. Bí ẹ bá tó mẹ́ta tàbí mẹ́rin, ẹ dáwó jọ, ẹ háyà ọkọ̀ kan. Ohun tó máa ń dá ìjà sílẹ̀ pẹ̀lú dírẹ́bà ni pé èrò kò dárúkọ ibi tó ń lọ tán. Ẹ má sọ pé Òrè nígbà tí ẹ mọ̀ pé ẹ óò dé Ofosu. Ẹ dárúkọ gbogbo ibi tí ẹ óò yà sí, ẹ sọ iye wákàtí tí yóò fi dúró dè yín ní ibì kọ̀ọ̀kan, ẹ sì fẹnu kò lórí ẹni tí yóò ra epo. Kí ẹ tó wọlé, ẹ wo ẹsẹ̀ ọkọ̀ náà, ẹ ní kó fi táyà àfidípò àti jáàkì hàn yín.

Ọ̀nà yìí kì í ṣe ọ̀nà òru. Àwọn ajínigbé ti da àwọn arìnrìn-àjò láàmú gan-an láàárín Òrè sí Ìbìní, ẹni tó bá sì sọ fún yín pé kò sí nǹkan kan, kò fẹ́ràn yín. Ẹ ṣètò rẹ̀ kí aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́ bá yín nínú ìlú, kí ẹ sì sọ ọ̀nà tí ẹ ń gbà fún ará ilé. Níbi tí ṣọ́jà tàbí ọlọ́pàá bá ti dá ọkọ̀ dúró, ẹ má gbé fóònù sókè láti ya fọ́tò. Ẹni tó ń kọ́ nípa ogun àtijọ́ lè fi bẹ́ẹ̀ fi ọ̀sán gbogbo ṣàlàyé ara rẹ̀.

Bí ẹ bá lè fara dà á, ẹ lọ ní oṣù Kẹjọ tàbí oṣù Kẹsàn-án. Ọ̀nà kì í rọrùn nígbà náà, ṣùgbọ́n àsìkò yẹn gan-an ni ogun náà jà. Ẹ yà sí ẹ̀bá ọ̀dà lẹ́yìn òjò, kí ẹ sì rìn díẹ̀ wọ inú amọ̀ pupa náà. Á gbá bàtà mú títí dé ọrùn ẹsẹ̀, yóò sì fa àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ bí ẹni pé kò fẹ́ dá a padà. Ẹ wá ro lọ́rì tó kún fún ọmọ ogun, ọta ìbọn àti oúnjẹ, tó ní láti yà kúrò lójú ọ̀nà kí òmíràn tó lè kọjá. Ọ̀pọ̀ ọkọ̀ tí Biafra kó wá kì í ṣe ọkọ̀ ogun. Lọ́rì akérò àti akẹ́rù tí wọ́n gbà lọ́wọ́ aráàlú ni.

Láti Oǹdó, ọ̀nà gba Odígbó wọ Òrè. Oko kòkó àti ọ̀pẹ ni ẹ óò máa rí, àti lọ́rì agégẹdú. Àwọn lọ́rì wọ̀nyẹn ni kí ẹ ṣọ́ra fún: ẹrù wọn a máa yọ jáde sẹ́yìn, iná ẹ̀yìn wọn kì í sábà tàn, wọn a sì máa dúró lójijì.

Òrè wá dé. Ẹ sọ̀ ní oríta, lábẹ́ afárá òkè. Ẹ kọ ẹ̀yìn sí ọ̀nà Oǹdó tí ẹ gbà wá. Ọwọ́ ọ̀tún yín ni Ìjẹ̀bú-Òde, Ṣágámù àti Èkó. Ọwọ́ òsì ni Ofosu àti Ìbìní. Iwájú yín ni Òkìtìpupa, àti Igbókọ̀dá níbi tí omi ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀yìn yín ni Oǹdó, láti ibẹ̀ ni èèyàn sì ti lè gba Ifẹ̀ dé Ìbàdàn. Ẹ má kánjú kúrò níbẹ̀. Gbogbo ọ̀rọ̀ ìjà Òrè wà ní oríta yìí. Ọmọ ogun tó bá ti Ìbìní bọ̀, ibí ni yóò ti yàn: ṣé Èkó tó jẹ́ olú-ìlú Nàìjíríà nígbà náà ni òun ń lọ, àbí Ìbàdàn tó jẹ́ olú-ìlú Ìwọ̀-Oòrùn? Ẹni tó bá sì fẹ́ dá a dúró kò ní láti máa ṣọ́ ọ̀nà mẹ́ta. Bó bá ti di Òrè mú, ó ti di gbogbo wọn mú. Ìdí nìyẹn tí ìjọba àpapọ̀ fi kó ọmọ ogun tó lè rí wá síbí. Gowon, olórí ìjọba àpapọ̀, ti ń pe ìjà náà ní iṣẹ́ ọlọ́pàá kí Ìbìní tó bọ́; lẹ́yìn Ìbìní, kò sẹ́ni tó tún pè é bẹ́ẹ̀ mọ́.

Ẹ tún wo igbó. Ó ti ṣí gan-an báyìí, ṣùgbọ́n Òrè wà láàárín igbó kìjikìji nígbà náà, igbó ọba tí wọ́n ń pè ní Olúwa sì wà nítòsí títí dòní. Níbi tí ọ̀nà bá ti jẹ́ ẹyọ kan, tí igbó sì dí ní ọ̀tún àti òsì, pípọ̀ ọmọ ogun nìkan kò tó. Iye tó lè rí ojú ọ̀nà dúró sí ló ń jà. Àwọn tó kù tò sẹ́yìn nínú ọkọ̀. Ẹni tó bá kọ́kọ́ gbẹ́ kòtò síwájú ló láǹfààní. Èyí ló fà á tí ìjà ibẹ̀ fi gbóná tó bẹ́ẹ̀, tí ilẹ̀ tó yí ọwọ́ padà kò sì tó nǹkan fún ọjọ́ púpọ̀.

Ẹ jẹun ní Òrè kí ẹ tó máa lọ. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ bọ́ọ̀sì ńlá tó ń lọ sí ìlú Ìgbò ti ń dúró kí èrò jẹun, nítorí náà oúnjẹ kì í wọ́n níbẹ̀ láti òwúrọ̀. Iyán, ẹ̀bà, ìrẹsì, ẹran ìgbẹ́, gbogbo rẹ̀ ni ẹ óò rí. A gbà pé ó dára kí èèyàn mọ̀ bó ti ń jẹun níbẹ̀ pé ọmọ Ìgbò, Ìbìní, Urhobo àti Yorùbá ló jókòó yí i ká, àti pé ìtàn ogun yìí kò dọ́gba létí gbogbo wọn. Ẹ má pariwo ọ̀rọ̀ náà nílé oúnjẹ.

Fún ẹni tó bá fẹ́ bá àgbàlagbà sọ̀rọ̀, àsìkò ti ń lọ. Ẹni tó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́wàá ní 1967 ti ń sún mọ́ àádọ́rin, bí kò bá tíì kọjá rẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ lọ kí àwọn olórí àdúgbò, kí ọmọ ìlú kan sì mú yín wọlé. Ẹ kí wọn bó ṣe yẹ, ọkùnrin lórí ìdọ̀bálẹ̀, obìnrin lórí ìkúnlẹ̀, kí ẹ jókòó títí wọn yóò fi béèrè ohun tí ẹ bá wá. Ẹ má wá sọ pé, "Bàbá, ẹ sọ ìtàn ogun fún wa." Ohun tí wọ́n gbọ́ lórí rédíò ni wọn yóò kà fún yín. Ẹ bi wọ́n pé, "Bàbá, abà ta lẹ sá lọ? Kí lẹ rí jẹ níbẹ̀? Ta ló kọ́kọ́ padà wá sílé, kí ló sì bá nílẹ̀?" Irú ìbéèrè yìí kì í jẹ́ kí orin àti àwàdà da ìrántí rú. Bí ẹ bá fẹ́ mọ ọjọ́, ẹ má béèrè déètì. Ẹ béèrè bóyá iṣu tuntun ti jáde, bóyá wọ́n ti ń já kòkó. Ẹ fún wọn ní ẹ̀bùn lẹ́yìn ọ̀rọ̀, kì í ṣe ṣáájú, nítorí owó tó bá kọ́kọ́ jáde a máa sọ ìrántí di ọjà.

Láti Òrè sí Ìbìní, ó lé ní ọgọ́rùn-ún kìlómítà. Ofosu ló wà ní ìpẹ̀kun ilẹ̀ Oǹdó kí ẹ tó wọ Edo. Ẹ ṣírò rẹ̀ bí ọkọ̀ ti ń lọ: Àsábà sí Ìbìní náà lé ní ọgọ́rùn-ún. Gbogbo oúnjẹ, epo àti ọta ìbọn tí Biafra ń lò ní Òrè ní láti sọdá afárá kan ṣoṣo, kí ó sì gba ọ̀nà tó gùn ju igba kìlómítà lọ. Àwọn 3,000 náà kò sì jọ wà lójú kan. Wọ́n pín wọn: àwọn kan sí Warri, Sapele àti Ughelli, àwọn kan sí ìhà Auchi àti Agenebode. Ohun tó ṣẹ́ kù fún ọ̀nà Èkó kò tó.

Ní Ìbìní, ẹ lọ sí Ring Road láàárín ìlú, níbi tí ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé wà. Ìlú yìí ni a gbà pé ogun náà ti yí padà, kì í ṣe Òrè. Kò sí ìjà gidi kan tó ṣẹlẹ̀ kí ó tó bọ́. Ọ̀pọ̀ ọ̀gá ológun tó wà ní Midwest jẹ́ Ìgbò ibẹ̀, wọn kò sì dènà. Banjo sọ lórí rédíò pé àwọn kò wá gba ilẹ̀ ẹnikẹ́ni. Lẹ́yìn náà, ó dúró. Ó ju ọ̀sẹ̀ kan lọ kí ogun rẹ̀ tó kan Òrè, ó sì ń wá ẹni tí yóò bá a dá ẹgbẹ́ kẹta sílẹ̀ láàárín Gowon àti Ojukwu. Wole Soyinka mú ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ bá Olusegun Obasanjo, ọ̀gá ológun ìjọba àpapọ̀ ní Ìbàdàn, kò so èso, ìjọba sì ti Soyinka mọ́lé títí di 1969. Ọjọ́ tí Banjo fi ń dúró náà ni Murtala Muhammed fi ń to Ìpín Kejì ọmọ ogun ìjọba àpapọ̀ jọ. A kò rò pé ẹnikẹ́ni lè ka àwọn déètì yìí kó má rí i.

Ojukwu fi Albert Okonkwo, dókítà ológun, ṣe alábòójútó Midwest. Ní ọjọ́ 19 oṣù Kẹsàn-án, Okonkwo kéde Orílẹ̀-èdè Olómìnira Benin. Ẹ má ṣì í mú fún aládùúgbò wa ní ìwọ̀-oòrùn. Dahomey ni ìyẹn ń jẹ́ títí di 1975. Ní ọjọ́ kejì, 20 oṣù Kẹsàn-án, ọmọ ogun Murtala wọ Ìbìní. Láàárín ọjọ́ díẹ̀, Biafra yìnbọn pa Banjo, Emmanuel Ifeajuna, Philip Alale àti Sam Agbam ní Enugu, lórí ẹ̀sùn pé wọ́n dìtẹ̀ mọ́ Ojukwu. Àwọn aráàlú tó wà lábẹ́ àwọn tó gba ìlú fún ọ̀sẹ̀ mẹ́fà wá yí ìbínú wọn sórí Ìgbò tó ń gbé láàárín wọn. Wọ́n pa ọ̀pọ̀ aláìṣẹ̀ ní Ìbìní, Warri àti Sapele. Ẹni tó bá ń yọ̀ pé wọ́n gba Ìbìní padà, kó má fo ojú ìwé yẹn.

Ẹ sùn ní Ìbìní, kí ẹ sì mú ọ̀nà Àsábà pọ̀n lówùúrọ̀. Ní Àsábà, ẹ béèrè Ogbe-Osowa. Ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹwàá ọdún 1967, àwọn ará ìlú jáde nínú aṣọ funfun, wọ́n ń jó, wọ́n ń kígbe "One Nigeria" kí àwọn ọmọ ogun ìjọba àpapọ̀ lè mọ̀ pé àwọn kì í ṣe ọ̀tá. Wọ́n ya ọkùnrin àti ọmọdékùnrin sọ́tọ̀, wọ́n sì yìnbọn sí wọn. Àwọn tí wọ́n pa ní Àsábà lọ́jọ́ mélòó kan yẹn lé ní 500. Ìpín Kejì tó lé Biafra kúrò ní Òrè ló ṣe é. Ẹ má ya fọ́tò níbẹ̀ láìtọrọ àṣẹ, ẹ má sì dúró sẹ́nu ọ̀nà ẹnì kan kí ẹ máa ka ìwé ìtàn sókè.

Láti etí odò, ẹ óò rí afárá àtijọ́ tí wọ́n parí ní 1965. Nígbà tí Biafra ń sá padà, wọ́n fọ́ ọ lẹ́yìn ara wọn. Murtala gbìyànjú léraléra láti fi ọkọ̀ ojú omi sọdá sí Onitsha ní oṣù Kẹwàá, wọ́n sì lé e padà pẹ̀lú òfò púpọ̀. Oṣù Kẹta ọdún 1968 ni Onitsha tó bọ́. Wọ́n tún afárá náà ṣe lẹ́yìn ogun. Afárá kejì tí wọ́n ṣí ní 2023 wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ fọwọ́ kan ohun èlò ogun náà gan-an, àwọn ọkọ̀ onírin àti ìbọn tí Biafra fọwọ́ ara wọn rọ, kó tẹ̀ síwájú dé Umuahia, sí ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé ogun tí ìjọba àpapọ̀ ṣí ní 1985. Kó fún ibẹ̀ ní odidi ọjọ́ kan, nítorí ihò abẹ́ ilẹ̀ tí rédíò Biafra ti ń sọ̀rọ̀ wà níbẹ̀, kò sì ṣeé sáré wò.