Fíìmù Ogun Tí Kò Ní Alálàyé

Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí sinimá ṣe ń gbé ọkàn ará ìlú ró lásìkò ogun, Listen to Britain ni kó kọ́kọ́ wò. Humphrey Jennings àti Stewart McAllister ló ṣe é fún Crown Film Unit, ẹ̀ka fíìmù ìjọba Britain, ní 1942. Gbogbo rẹ̀ kò ju nǹkan bí ìṣẹ́jú 20 lọ, kò sì sí alálàyé kankan nínú rẹ̀. Àwọn obìnrin ń kọrin nídìí ẹ̀rọ. Flanagan àti Allen, àwọn aláwàdà méjì tó ń kọrin, ń dá àwọn òṣìṣẹ́ lára yá níbi tí wọ́n ti ń jẹun. Kò pẹ́, Myra Hess ti ń tẹ dùùrù ní National Gallery, ilé àwòrán ńlá ní London, tí wọ́n ti kó àwọn àwòrán iyebíye kúrò nínú rẹ̀ nítorí bọ́ǹbù. Aya Ọba George Kẹfà wà láàárín èrò, wọn ò sì pariwo rẹ̀.

Ohùn ló so gbogbo rẹ̀ pọ̀. Kámẹ́rà ayé ìgbà yẹn ń pariwo, àpótí tí wọ́n fi ń pa ariwo náà sì wúwo. Nítorí náà, wọ́n sábà máa ń ya àwòrán lọ́tọ̀, kí wọ́n gba ohùn lọ́tọ̀.   Bí ohùn àti àwòrán bá jọ gé lójú kan náà ní gbogbo ìgbà, ojú oríkèé á hàn gbangba. Ẹni tó mọṣẹ́ á jẹ́ kí ohùn tó ń bọ̀ ṣáájú àwòrán rẹ̀ wọlé.

Síbẹ̀, ẹ̀rù ba àwọn aláṣẹ. Wọ́n rò pé fíìmù tí kò ní alálàyé lè má yé àwọn òǹwòran òkè òkun, wọ́n wá ní kí Leonard Brockington, ará Kánádà, sọ ọ̀rọ̀ ìṣáájú sí i. Ó bà á jẹ́ díẹ̀, lójú tèmi: ohun tí àwòrán fẹ́ fi hàn ni ó ti sọ tán.

Lọ́dọ̀ tiwa, Colonial Film Unit, ẹ̀ka fíìmù ìjọba Britain fún àwọn ilẹ̀ tó ń ṣàkóso, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1939, gba ọ̀nà mìíràn. William Sellers, tó ti ń fi sinimá kọ́ni ní ìmọ́tótó ní Nàìjíríà, ló darí rẹ̀. Ọkọ̀ sinimá ń gbé fíìmù mìlímítà 16 tí kò lóhùn kiri, ògbufọ̀ á sì fi èdè ìlú ṣàlàyé lórí makirofóònù. Sellers fẹ́ kí àwòrán máa lọ díẹ̀díẹ̀, nítorí ó rò pé ojú wa kò lè bá eré kámẹ́rà lọ. Èrò àbùkù gbáà ni. Ìṣòro gan-an ni pé Mr English at Home, tí wọ́n ṣe ní 1940, ń fi ìgbé ayé ìdílé Gẹ̀ẹ́sì kan hàn wá. Ara wọn ni àwọn ará Britain ń wò. Ilé onílé ni wọ́n ní kí àwa máa wò.